Etí Aṣọ Kejì

Nígbà tí mo ń gbé ní Bẹẹrẹ, ìyá onílé wa kì í dá aṣọ bẹ́ẹ̀dì ká. Kálukú wa á ti ilẹ̀kùn mọ́rí, á máa tẹ fóònù, àfi ká ṣàdédé gbọ́ ohùn rẹ̀: "Ta ló wà ńlé? Ẹ wá bá mi di etí kejì mú o!"

Bí a bá ti ń ká a, á máa béèrè iṣẹ́, á béèrè ará ilé. Tí a bá ká a tán, á ní, "Kò dọ́gba. Jẹ́ á tún un ká."

Lọ́jọ́ kan, mo tètè dé láti ibi iṣẹ́. Mo yọjú lójú fèrèsé, mo rí i tó fi àgbọ̀n di aṣọ náà mú, tó dá a ká, tó sì dọ́gba rẹ́gí. Mo bú sẹ́rìn-ín. Ó wò mí, ó gbọn aṣọ náà tú pátápátá.

"Àṣé o wà ńlé! Wá bá mi di etí kejì mú."

Òkè Bọ́lá ni mo wà báyìí, nínú fúláàtì tí n kò ti mọ orúkọ ẹnikẹ́ni. Lánàá, mo gbé aṣọ bẹ́ẹ̀dì mi, mo kan ilẹ̀kùn bàbá tó kọjú sí tèmi, mo ní kí wọ́n bá mi ká a. A sọ̀rọ̀ iná, a sọ̀rọ̀ omi, a ká a tán. Mo ti ń dúpẹ́ nígbà tí wọ́n mi orí.

"Kò dọ́gba," wọ́n ní. "Jẹ́ á tún un ká."