Ọjọ́ Tí Mo Wọn Ejò Àtijọ́ sí Ojúde Wa

Títí ayé ni n ó máa rántí ọjọ́ tí mo wọn ejò sílẹ̀ ní Agbowó. Ròdíà ọmọ mi sọ ní kíláàsì bí ejò ńlá kan tó ti parun ṣe gùn tó. Àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ pè é ní òpùrọ́, ó sì ní òun ò lọ sílé ìwé mọ́. Mo mú tépù tí mo fi ń ránṣọ àti ṣọ́ọ̀kì, mo ń fa ìlà méjì lọ níwájú ṣọ́ọ̀bù wa, ọ̀kan fún ejò erè ayé òde òní, èkejì fún ejò àtijọ́ náà, kí Ròdíà lè fojú rí i.

"Ìyá Ròdíà, ṣé ẹ fẹ́ rán ṣòkòtò fún ejò ni?" Bàbá Sùlè onígbàjámọ̀ bi mí.

Ìlà erè ayé òde òní parí sí ẹnu ọ̀nà rẹ̀. Ti àtijọ́ kọjá ibẹ̀, ó gba iwájú ṣọ́ọ̀bù kẹta kọjá. Bàbá Sùlè rọra yẹsẹ̀ kúrò lórí ìlà.

"Sùbúhánálláhì," ni ó wí.

Lọ́jọ́ kejì, kí n tó jí, Ròdíà ti wọ yunifọ́ọ̀mù rẹ̀.