Gìgísẹ̀ Tí Dókítà Fẹ́ Là

Ó ti pé ọdún mẹ́sàn-án tí mo ti ń lọ aṣọ ní ṣọ́ọ̀bù alágbàfọ̀ kan ní Àpápá GRA. Orí ìdúró ni iṣẹ́ náà, lórí sìmẹ́ńtì, láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́, pẹ̀lú sílípáàsì pẹlẹbẹ lẹ́sẹ̀. Ṣẹ́ẹ̀tì àwọn ọ̀gá iléeṣẹ́ ọkọ̀ òkun ni mò ń lọ̀. Èmi ni mo mọ ẹni tí kọ́là rẹ̀ dọ̀tí jù nínú wọn, nítorí náà wọn kì í bà mí lẹ́rù.

Lọ́dún tó kọjá, gìgísẹ̀ mi ọ̀tún bẹ̀rẹ̀ sí í dùn mí. Bí mo bá jí láàárọ̀ tí mo fẹsẹ̀ kan ilẹ̀ yàrá wa ní Ajégúnlẹ̀, ńṣe ló dà bíi pé mo tẹ ìṣó. Bí mo bá rìn díẹ̀, á rọlẹ̀. Bí mo bá jókòó jẹun tán tí mo dìde, á tún bẹ̀rẹ̀. Aládùúgbò wa kan ní mo ti tẹ oògùn. Mo bi í pé ta ni yóò náwó oògùn lé ẹni tó ń lọ aṣọ lórí. Ọkùnrin tó ń ta oògùn òyìnbó ní ìkángun àdúgbò sọ pé làkúrègbé ni. Ọwọ́ kan ló fi gún mi lábẹ́rẹ́ nídìí, ó ń fi èkejì tẹ fóònù. Kò wo ẹsẹ̀ náà rárá.

Oníbàárà wa kan jẹ́ dókítà, ilé ìwòsàn tirẹ̀ kò sì jìnnà sí ṣọ́ọ̀bù wa. Àkọ́bí mi dàgbà jù ú lọ, ṣùgbọ́n “ìwọ” ló máa ń pè mí. Ó rí i pé mò ń tiro, ó ní kí n wá. Ó ya àwòrán egungun ẹsẹ̀ mi, ó fi bírò tọ́ka sí nǹkan kékeré kan tó yọ ṣónṣó.

“Egungun ló hù sí ẹ ní gìgísẹ̀. Lọ́jọ́bọ̀, màá là á, màá gé e kúrò.”

Kò bi mí léèrè bàtà tí mò ń wọ̀, kò béèrè bí mo ṣe ń dúró pẹ́ tó, bẹ́ẹ̀ ọwọ́ mi ló ti ń gba ṣẹ́ẹ̀tì lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Mo ní ṣé kò sí nǹkan mìíràn tí a lè kọ́kọ́ ṣe. Ó ní ta ni dókítà nínú àwa méjèèjì.

Kí Ọjọ́bọ̀ tó pé, mo gba ilé ìwòsàn ìjọba lọ. Wọ́n darí mi sọ́dọ̀ obìnrin kan tó ń tọ́jú iṣan àti oríkèé. Àtàǹpàkò ló fi tẹ gìgísẹ̀ mi lẹ́ẹ̀kan, omi sì bọ́ lójú mi. Ó ní kì í ṣe egungun yẹn ló ń dùn mí, pé ọ̀pọ̀ ló ní i tí wọn kò mọ̀. Iṣan fífẹ̀ tó wà ní àtẹ́lẹsẹ̀, tó so gìgísẹ̀ mọ́ ìka, ló ti ṣèṣe. Ó ní kí n yé fẹsẹ̀ lásán rìn nínú ilé, kí n ra bàtà tí ìsàlẹ̀ rẹ̀ nípọn. Kí n tó dìde lórí ibùsùn, kí n fi tówẹ̀lì fa ìka ẹsẹ̀ mọ́ra. Nírọ̀lẹ́, kí n yí àtẹ́lẹsẹ̀ lórí ìgò ike tí omi inú rẹ̀ ti dì.

“Iṣẹ́ abẹ wá ńkọ́?” mo bi í.

“Ẹ ṣe èyí tọkàntọkàn fún oṣù mẹ́fà, títí di ọdún kan pàápàá. Bí kò bá lọ, tí ẹ kò sì lè ṣiṣẹ́, ìgbà yẹn la máa sọ̀rọ̀ abẹ. Abẹ náà lè ba iṣan jẹ́, ó sì lè sọ ẹsẹ̀ di aláìlágbára.”

Ọ̀gá mi rí bàtà tuntun náà, ó ní mo múra bí agbábọ́ọ̀lù. Àga ló yẹ kó rà fún mi, ẹ̀rín ló rí rín. Èmi náà kò sàn jù ú lọ: oṣù méjì àkọ́kọ́, ọjọ́ tó bá dùn mí nìkan ni mò ń fi tówẹ̀lì fa ẹsẹ̀. Nígbà tí mo padà lọ ráhùn, obìnrin náà tẹ iṣan ẹ̀yìn ẹsẹ̀ mi, ó ní ó ṣì le gan-an, pé iṣan kì í purọ́. Ojú tì mí. Láti ọjọ́ náà, mi ò pa ọjọ́ kan jẹ mọ́.

Ní oṣù karùn-ún, mo jí, mo gbé garawa, mo ti dé ìdí ẹ̀rọ omi kí n tó rántí pé kò dùn mí.

Dókítà wá gba ṣẹ́ẹ̀tì, ó tún béèrè ìgbà tí mo fẹ́ wá fún iṣẹ́ abẹ. Mo ní ẹsẹ̀ ti sàn láìsí abẹ. Ó ní ìrora náà yóò padà wá.

“Bó bá padà, sà, mo mọ ibi tí màá gbé e lọ.”

Ó gba ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀, kò dúpẹ́. Awakọ̀ rẹ̀ ló ń rán wá báyìí.