Ojú Irin Tí Zamfir Máa Gbà Délé

Paraschiva ni orúkọ obìnrin tó ń gbé lórí yàrá mi ní Bùkárẹ́stì, olú ìlú orílẹ̀-èdè wa. Abẹ́ rẹ̀ gan-an ni mo wà, nítorí náà mo mọ ìgbà tó bá jí, mo mọ ìgbà tó bá ń bínú, mo sì mọ gbogbo èébú tó ń bú ọkọ rẹ̀. Ó ti abúlé kan lẹ́bàá Buzău wá sí ìlú nígbà tó ṣì jẹ́ omidan, ó ń gbálẹ̀ ní ibùdó tíráàmù, ọkọ̀ ìgboro tó ń rìn lórí irin; ibẹ̀ ló ti pàdé Zamfir, tó ń wa tíráàmù. Wọn ò bímọ. Ariwo ni Ọlọ́run fún wọn dípò ọmọ, wọ́n sì tọ́ ọ dàgbà dáadáa.

Àbùkù kan ṣoṣo ló wà lára Zamfir: kò mọ ọ̀nà. Bó bá wà nínú tíráàmù, lórí irin, ọba ni. Bó bá ti fẹsẹ̀ kan ilẹ̀ báyìí, ó ti ṣìnà nìyẹn. Kì í ṣe ẹ̀bi ọtí nìkan, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọtí náà ò fi ìgbà kankan kọ̀ láti ràn án lọ́wọ́. Mo ti bá a ní ilé ìdáná mi rí, ó jókòó, ó ń dúró de oúnjẹ, ó tún ń bínú pé ta ló pààrọ̀ tábìlì. Paraschiva ló máa ń sọ̀kalẹ̀ wá fà á lọ sílé bí ẹni fa ewúrẹ́.

Ọdún tí wọ́n ń wó ìlú ni ọkùnrin yìí kú. Títí di òní ni inú ń bí mi sí ọ̀rọ̀ ìwólé yẹn. Olórí orílẹ̀-èdè fẹ́ ààfin, ó sì fẹ́ títì gbọọrọ tó máa lọ tààrà sí ààfin náà. Gbogbo ohun tó bá dúró lójú ọ̀nà ni wọ́n ń wó, ìbáà ṣe ilé, ìbáà ṣe ṣọ́ọ̀ṣì. Àwọn ilé díẹ̀ rí alágbàwí, wọn ò wó ìwọ̀nyẹn. Ńṣe ni wọ́n gé wọn kúrò lórí ìpìlẹ̀, tí wọ́n tẹ́ ojú irin sábẹ́ wọn, tí wọ́n sì ń rọra tì wọ́n lọ sẹ́yìn àwọn ilé gíga tuntun, kí ojú Olórí má baà kan wọn. Ilé tiwa bọ́ sínú àwọn wọ̀nyí. Wọn ò tilẹ̀ ní ká jáde. Wọ́n so rọ́bà omi àti rọ́bà gáàsì mọ́ ilé náà, wọ́n ní ká máa se ọbẹ̀ wa lọ.

Lọ́dọ̀ wa, bí èèyàn bá kú, ogójì ọjọ́ ni ọkàn rẹ̀ fi ń rìn kiri kó tó lọ pátápátá. Lójoojúmọ́ ló ń wá sílé wá mumi. Ìdí nìyẹn tí a fi ń gbé ife omi sójú fèrèsé, tí a sì ń fi aṣọ ìnura kọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kó lè rí nǹkan nu ẹnu. Bó bá dé tí kò bá omi, òùngbẹ yẹn ló máa gbé dé ọ̀run. Ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín kó rẹ́rìn-ín; èmi ò ní bá a rẹ́rìn-ín.

Nígbà tí ìròyìn dé pé ilé máa gbéra, ogójì ọjọ́ Zamfir ò tíì pé. Paraschiva sọ̀kalẹ̀ wá bá mi nínú aṣọ dúdú rẹ̀.

"Veta, wọ́n ní wọ́n fẹ́ gbé wa lọ."

"Mo gbọ́, Màmá. Wọ́n ní a ò ní mọ̀ ọ́n lára. Ọbẹ̀ ò tiẹ̀ ní dà."

"Ta ló ń sọ ti ọbẹ̀? Zamfir ńkọ́? Ọkùnrin tí kò rí ilé nígbà tí ilé dúró sójú kan, ṣé ìgbà tí ilé bá ń rìn ló máa wá rí i?"



Ó gba ọ̀dọ̀ Bàbá Sofronie, àlùfáà wa, lọ. Àlùfáà ń di ère ṣọ́ọ̀ṣì tirẹ̀ sínú aṣọ, nítorí ṣọ́ọ̀ṣì náà ló kàn lẹ́yìn ilé wa. Ó ní, "Ẹ fọkàn balẹ̀, Màmá. Ọkàn òkú kì í ṣìnà."

"Bàbá, ẹ ti gbàgbé irú èèyàn tí Zamfir jẹ́."

Ọjọ́ Àjíǹde kan wà tí Zamfir wọ ìdí pẹpẹ lọ, tó ń wá ibi tí wọ́n ti ń tọ̀. "Òótọ́ lẹ sọ o," ni àlùfáà wí, ó sì ń bá ère dídì lọ.

Ló bá kù sọ́dọ̀ Lascu, ẹnjiníà tí iṣẹ́ náà wà lọ́wọ́ rẹ̀, ọ̀dọ́kùnrin kan tí kì í bọ́ fìlà irin kúrò lórí. Paraschiva ní kó jọ̀ọ́, kó jẹ́ kí ogójì ọjọ́ pé.

"Màmá, tí mo bá dá ilé dúró nítorí òkú, èmi náà á dòkú."

"Tí o bá kú, ibi tí o mọ̀ ni ìyàwó rẹ máa gbé omi rẹ sí. Tèmi ńkọ́?"

Ẹnjiníà fọwọ́ gbọn fìlà, ó lọ. Àánú obìnrin náà ṣe mí dé ọkàn, ojú rẹ̀ ti jìn sínú nítorí àìsùn. Àánú yẹn ló la ojú mi. Mo ní, "Màmá, kí ni Zamfir mọ̀ láyé yìí ju ojú irin lọ? Ẹ wo ilẹ̀. Irin rèé, láti ibi tí ilé wà dé ibi tí ilé ń lọ. Ẹ sọ fún un kó máa tẹ̀ lé e."

Ó wo irin, ó wò mí, ó sì fẹnu kò mí lórí.

Bí ilé ṣe ń lọ, Paraschiva dúró lójú fèrèsé, ó ń pariwo sísàlẹ̀: "Zamfir, irin ni kó o tẹ̀ lé. Má yà síbì kankan. Tí o bá rí ilé ọtí, ilé wa kọ́ nìyẹn." Gbogbo àwọn òṣìṣẹ́ gbójú sókè. Ìgbín ì bá ti kọjá wa, ṣùgbọ́n à ń lọ. Mo jẹ ọbẹ̀ mi tán láàárín ọ̀nà, kò dà lóòótọ́. Nígbà tí a dúró, ẹ̀yìn ilé gíga kan ni fèrèsé mi kọjú sí, aṣọ abẹ́ ẹlòmíràn ni mo sì ń wò láràárọ̀.

Omi inú ife ń dín díẹ̀díẹ̀. Paraschiva ní Zamfir ló ń mu ún. Èmi rò pé oòrùn ni, ṣùgbọ́n mo gbẹ́nu mi dákẹ́. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í sùn dáadáa.

Ìgbà tó ku ọ̀la kí ogójì ọjọ́ pé ni Lascu dé. Ó ní òun ń bọ̀ wá tú irin láàárọ̀ ọ̀la, torí ṣọ́ọ̀ṣì àlùfáà ń dúró dè é.

"Ọ̀la ló ń lọ pátápátá. Fi í sílẹ̀ di ìrọ̀lẹ́, ọmọ mi."

"Mi ò lè fi í sílẹ̀, Màmá."

Bí ilẹ̀ ṣe mọ́, Paraschiva gbé ife omi àti aṣọ ìnura, ó lọ dúró sórí irin ní ibi tí ilé wa wà tẹ́lẹ̀. Mo bá a lọ, mo dúró sẹ́yìn rẹ̀. Mo gbé báàgì mi dání, torí kò sẹ́ni tó ń jáde láìsí báàgì ní ìlú wa. Oúnjẹ ti wọ́n, ibi tí èèyàn bá ti rí ìlà ló ń tò sí; èèyàn ò mọ ibi tí ẹyin adìyẹ ti lè yọjú.

Ọkùnrin kan tó wọ kóòtù aláwọ̀ eérú ń kọjá lọ. Ó dúró, ó wo báàgì mi.

"Kí ni wọ́n ń tà?"

"Wọn ò ta nǹkan kan."

Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Ẹ ò fẹ́ ká gbọ́ ni," ló wí, ó sì tò sẹ́yìn mi.

Obìnrin méjì tò sẹ́yìn rẹ̀, lẹ́yìn náà ni mi ò rí ìdí ìlà mọ́. Ẹni kan ní ẹsẹ̀ adìyẹ ni wọ́n ń tà. Ẹni kan ní kọfí gidi ni, àbúrò òun rí ọkọ̀ tó gbé e. Ìlà náà gba orí irin lọ títí ó fi kan ilẹ̀kùn ilé wa. Nígbà tí Lascu àtàwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ dé, kò síbi tí wọ́n máa fẹsẹ̀ sí.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kúrò lórí irin. Mo fẹ́ ṣiṣẹ́."

"Gbọ́ irọ́ yẹn," ni ìyá arúgbó kan wí. "Iwájú ló fẹ́ já sí. Nítorí pé o dé fìlà irin? Gba ẹ̀yìn lọ."

Lascu pe ọlọ́pàá. Ọlọ́pàá dé, ó gbọ́ pé kọfí ni, ó bọ́ fìlà rẹ̀ sábẹ́ apá, ó tò. Àwọn òṣìṣẹ́ náà yọ lẹ́yọ̀ọ̀kan, wọ́n lọ tò. Ẹnjiníà jókòó sórí òkúta kan, ó di orí mú.

Báyìí ni a ṣe wà títí oòrùn fi ń relé. Ọkùnrin ẹ̀yìn mi ò wá lè mú un mọ́ra mọ́.

"Màmá, ẹ̀yin lẹ wà níwájú. Kí là ń tò fún gan-an?"

Paraschiva ò purọ́ fún un. "Ọkọ mi ló kú. Òní ló máa mumi kẹ́yìn, irin yìí ló sì ń tọ̀ wálé."

Mo ti ń múra sílẹ̀ de èébú. Ọkùnrin náà ò bú wa. Ó nawọ́ sí kòtò kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa, níbi tí katakátá dúró sí.

"Ibẹ̀ yẹn ni ilé wa wà. Bí ìyá mi ṣe kú ni wọ́n wó o. Wọ́n fún mi ní yàrá kan ní ìpẹ̀kun ìlú, ibẹ̀ ni mo gbé omi rẹ̀ sí." Ó mí kanlẹ̀. "Mi ò rò pé ó rí i."

"Kí lorúkọ rẹ̀?"

"Filofteia."

Paraschiva gbé ife sókè. "Zamfir, má dá omi yìí mu. Filofteia wà níbẹ̀ yẹn, òùngbẹ ń gbẹ ẹ́. Mú un dání bọ̀."

Ọkùnrin náà fi aṣọ ìnura nu ojú, ó yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Obìnrin tó wà lẹ́yìn rẹ̀ sún síwájú, ó gbé báàgì rẹ̀ sílẹ̀, ó dá orúkọ ọkọ rẹ̀ tó ti kú. Ẹni tó tẹ̀ lé e dá orúkọ méjì. Mo wẹ̀yìn, ọ̀rọ̀ náà ti ń ti ẹnu kan bọ́ sí ẹnu kejì lórí irin, kò sì sẹ́ni tó kúrò nínú ìlà.

Paraschiva wo ife ọwọ́ rẹ̀, ó yíjú sí mi.

"Veta, sáré lọ sílé lọ bu omi sí i wá. Èyí ò ní kárí."