Ẹni Tí Yóò Sọ Pé Ó Tó

Tíṣà ni bàbá mi. Wọ́n mọ bí a ti í bẹ̀rẹ̀ ẹgba dáadáa. Bí a ti í parí rẹ̀ ni wọn ò kọ́ ní kọ́lẹ́ẹ̀jì. Iṣẹ́ ìyá wọn nìyẹn. Nínú ilé wa ní Ìlá, bí pàṣán bá ti ń ròkè rodò lára mi, màmá àgbà ò ní dìde nínú yàrá wọn. Wọ́n á kàn sọ pé, "Ó tó." Bàbá mi á ju pàṣán sílẹ̀ bí ẹni pé ó gbóná. Èmi náà gbọ́n, mo ti mọ ìwọ̀n igbe tó ń tètè mú ọ̀rọ̀ yẹn jáde. Bó bá pọ̀ jù, màmá á mọ̀ pé irọ́ ni.

Nígbà tí màmá àgbà kú, mi ò sunkún. Àwọn ará Èkó dé, wọ́n jẹ ìrẹsì, wọ́n lọ. Àwọn kan ní ọmọ yìí mà lágídí o. Agídí kọ́. Ó dà bí ìgbà tí èèyàn jókòó lé ẹsẹ̀ rẹ̀ títí tó fi kú tipiri: o fọwọ́ kàn án, o mọ̀ pé tìrẹ ni, kò dá ọ lóhùn.

Àlejò ò tíì tán nílẹ̀ dáadáa tí mo fi ṣe ìgbéyàwó fún ewúrẹ́ wa. Gèlè funfun tí ìyá mi fi ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì ni mo dà bo ìyàwó lórí. Ẹ má bi mí léèrè ọkọ. Ọkọ ò tíì dé tí ìyàwó fi bẹ́ jáde, tó gba ọ̀nà ọjà lọ, tó ń jẹ gèlè bó ti ń sáré. Ọlọ́kadà kan ló lé e wálé fún wa.

Bàbá mi mú pàṣán. Wọ́n nà mí, wọ́n dúró, wọ́n dẹtí sí yàrá màmá àgbà tí ilẹ̀kùn rẹ̀ wà ní títì. Wọ́n tún nà mí. Kò dùn mí. Mò ń gbọ́ bó ti ń dún, bí ẹni ń gbọ́ odó aládùúgbò. Mi ò ké. Ta ni mo fẹ́ ké sí? Mo rí i pé apá ti ń ro bàbá mi, àmọ́ wọn ò mọ ibi tí wọn ó ti dáwọ́ dúró.

Nígbà tó yá, wọ́n bi mí léèrè, ohùn wọn ti lọ sílẹ̀: "Ṣé ó tó?"

"Mi ò mọ̀, sà."

Ìyá mi wà lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná. Ìyàwó ilé ni wọ́n. Irú ọ̀rọ̀ yìí ò jáde lẹ́nu wọn rí. Wọ́n nu ọwọ́ nù lára ìró, wọ́n ní:

"Ó tó, sà."

Bàbá mi ò ju pàṣán sílẹ̀. Wọ́n gbé e lé ìyá mi lọ́wọ́, wọ́n sì wọlé lọ. Ìyá mi dì í mú, wọn ò mọ ibi tí wọn ó gbé e sí. Wọ́n ní kí n lọ bomi fún ewúrẹ́.