Ta Ló Ta Ibojì Abẹ́ Òkun fún Onírin?

Obìnrin tó mọ abẹ́ òkun ju ojú títì lọ ti kú. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun tó kọjá ló wọ omi, kò sì fẹsẹ̀ ara rẹ̀ jáde mọ́. Ilé iṣẹ́ tó sìn sọ pé kádàrá ni. Kádàrá yìí náà mà ń ṣiṣẹ́ o. Gbogbo ohun tí ọ̀gá bá kọ̀ tí ò tún ṣe, ọrùn rẹ̀ ni wọ́n ń gbé e kọ́.

Dókítà Ọkọ̀-Rírì là ń pè é ládùúgbò. Ó máa ń wá àwọn ọkọ̀ tó rì nígbà ogun rí, á wọ̀n wọ́n, á yà wọ́n sórí ìwé, á sì wádìí àwọn tó bá wọn lọ. Ilé wa fara kan tiẹ̀. Bó bá sá aṣọ dúdú tó fi ń wọ omi sórí okùn, tọwọ́ tẹsẹ̀ lafẹ́fẹ́ fi ń jù ú. Ìyàwó mi kí aṣọ náà nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, "Ẹ kúùrọ̀lẹ́, sà," ó tún dúró kó dáhùn.

Nígbà kan, ó rí ife irin kan nínú ọkọ̀ àwọn sójà, tí alásè ọkọ̀ náà fi ọ̀bẹ kọ orúkọ ara rẹ̀ sí nídìí. Kò mú un. Ó ní ẹrù olóògbé ni, fọ́tò nìkan ló yà. Ó wádìí títí ó fi rí ọmọbìnrin alásè náà, tó ti di ìyá arúgbó. Èmi ni mo wa mọ́tò gbé Dókítà lọ sílé rẹ̀. Ìyá wo fọ́tò náà pẹ́ nínú kíṣìnnì wọn.

"Ṣé ó tutù níbẹ̀, ọmọ mi?"

"Ó tutù díẹ̀, Mà. Àmọ́ ẹja pọ̀ níbẹ̀, wọn ò jẹ́ kí bàbá yín dá wà."

"Bàbá mi ò fẹ́ràn ẹja rárá."

Àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wa. Kò sẹ́ni tó mọ ìgbà tí ẹ̀rín náà di ẹkún.

Ọkọ̀ yẹn gan-an nilé iṣẹ́ fún àwọn onírin àlòkù láṣẹ pé kí wọ́n gé. Dókítà gba ọ́fíìsì ọ̀gá àgbà lọ. Òmùwẹ̀ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tó tẹ̀ lé e ló sọ fún mi.

"Irin tó ti dógùn-ún ni, Dókítà," ni ọ̀gá wí. "Ta ló kù tó ń sunkún irin?"

"Ibojì ni, sà. Bí wọ́n bá fẹ́ fi ibojì bàbá yín rọ páànù, ṣé ẹ máa fọwọ́ sí i?"

Ọ̀gá ní kó tètè lọ yà á sórí ìwé kí ayùn àwọn onírin tó dé.

Kí ló fẹ́ gbé wọ omi? Aago tó ń sọ afẹ́fẹ́ tó kù nínú ìgò ẹ̀yìn rẹ̀ ti ń purọ́ tipẹ́. Ó fẹjọ́ sùn títí ẹnu rẹ̀ fi bó. Wọ́n ní kó ṣì máa lo ìyẹn ná. Nísàlẹ̀ òkun, aago ní afẹ́fẹ́ wà, kò sì sí. Ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fà á jáde, ẹ̀pa ò bóró mọ́.

Ọ̀gá wá síbi ìsìnkú, ó pè é ní akọni. Ṣé báyìí lẹ ṣe ń rán akọni níṣẹ́? Àwọn tó kú fún wa, ẹ tà wọ́n nírin. Ẹni tó ń wá wọn, ẹ fi aago onírọ́ rán an lọ bá wọn.

Ẹ dá ayùn yẹn dúró lónìí. Ẹ sọ ẹni tó fàṣẹ sí gígé ọkọ̀ náà, àti ẹni tó ní kó máa lo aago yẹn. Òdòdó yín ti pọ̀ jù níbojì. Orúkọ la ń bèèrè.