Òpó Tí Ṣàngódèyí Tẹ̀ka Sí

Bí ẹ bá ń ti Ìyànà Ìbà bọ̀ sí Okokomaiko, tí ẹ rí ibi tí títì ti jìn wọnú bí ikùn ẹni tí kò jẹun láti àná, ẹ má bú ìjọba nìkan. Ìjọba ní ẹ̀bi tirẹ̀ lọ́tọ̀. Òpó kan ló wó lábẹ́ ibẹ̀ yẹn, mo sì mọ ẹni tó wà nídìí rẹ̀.

Aládùúgbò mi ni Ṣàngódèyí. Iṣẹ́ kànga gbígbẹ́ ló jogún. Láti Ajangbadi títí dé Ìbà, agbolé tí kò tíì mu omi ọwọ́ rẹ̀ kò pọ̀. Òun àti àbúrò rẹ̀, Ọládipúpọ̀, ni wọ́n jọ ń ṣe é: ẹ̀gbọ́n á di okùn mú lókè, àbúrò á wà nísàlẹ̀ pẹ̀lú dígà. Òfin wọn kò ju ẹyọ kan lọ: ẹni tó wà nísàlẹ̀ kò gbọdọ̀ dákẹ́. Orin ni yóò máa kọ. Afẹ́fẹ́ burúkú máa ń wà nínú kànga, kì í sì í kan ilẹ̀kùn kó tó wọlé. Bí orin bá ti dá, ẹni òkè kò ní bèèrè ohunkóhun, á fa okùn ni. Ọládipúpọ̀ ò kúkú mọ orin kọ. Ohùn rẹ̀ dà bí ti ewúrẹ́ tó gbé agbọ́n mì. Àìmọye ìgbà la bẹ Ṣàngódèyí pé kó fà á sókè ká lè rí oorun ọ̀sán sùn.

Nígbà tí oníkálukú wá ń fi bọ́hóòlù sílé, iṣẹ́ wọn dá. Kànga tí wọ́n gbẹ́ kẹ́yìn wà lẹ́yìn Ìbà. Ibẹ̀ ni dígà Ọládipúpọ̀ ti já sófo, tó rí àtẹ̀gùn òkúta, tí ìmọ́lẹ̀ sì ń tàn bọ̀ láti ìsàlẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ń rẹ́rìn-ín, ṣé ẹ mọ ibi tí gbogbo omi òjò agbègbè Ọ̀jọ́ wa yìí ń gbà lọ? Igba àtẹ̀gùn ni wọ́n sọ̀. Ẹgbẹ̀rún ni mo máa ń pè é tẹ́lẹ̀, àmọ́ orúnkún ti ń dùn mí, mo ti dín in kù.

Ọ̀jọ́ Ìsàlẹ̀ ni wọ́n bá níbẹ̀. Ilé wà, ọjà wà, àwọn obìnrin ń jà lórí ẹja. Oòrùn nìkan ni kò sí. Òkúta ìmọ́lẹ̀, tó ń tàn bí àtùpà, ni wọ́n ń wà láti ayé baba wọn, àwọn baba náà sì fi òpó ńláńlá lára òkúta yìí sílẹ̀ láàárín ihò láti gbé òkè ró. Nígbà tí òkúta yòókù tán, ojú wọn kan àwọn òpó. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ òpó. Bí wọ́n ṣe ń pè é nìyẹn: wọ́n á gé òpó tó wà lẹ́yìn pátápátá, wọ́n á máa fà sẹ́yìn, òkè á sì máa wó tẹ̀ lé wọn. Ìdajì ìlú ní èèwọ̀ ni. Ìdajì kejì ní èèwọ̀ kì í tan iná fún ọmọ.

Adéníran, fọ́máànù wọn, yẹ ọwọ́ wọn wò, ó ní, “Ẹ̀yin ará òkè, ọwọ́ yín le. Ẹ wá bá wa jẹ òpó.”

Ṣàngódèyí ní, “Bí a bá jẹ òpó tán, kí ni yóò gbé òrùlé ró?”

“Ẹ̀gbọ́n, òrùlé ta ni? Ṣebí ilé yín ló wà lórí ẹ̀!”

Ṣàngódèyí ti ń ká okùn, ó fẹ́ máa lọ. Ọládipúpọ̀ di ọwọ́ rẹ̀ mú. “Bọ̀ọ̀dá mi, Ìrètí ìyàwó mi ti lóyún, mi ò ṣiṣẹ́ láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn. Ẹyọ òpó kan péré.”

Ẹ̀gbọ́n gbà, ṣùgbọ́n ó so okùn mọ́ ọn ní ìbàdí, ó ní kó máa kọrin.

Ẹ gbọ́ ibi tó ti bàjẹ́. Àwọn tó ń jẹ òpó kì í la ẹnu. Kí òpó tó wó, á ta pọ́, bí ìgbà téèyàn pa ẹ̀pà. Ẹni tó bá gbọ́ ọ á sá. Kò sẹ́ni tó sọ ọ́ fún tẹ̀gbọ́n-tàbúrò. Adéníran gbọ́ orin náà ketekete, ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí wọ́n tètè ṣe.

Ṣàngódèyí wà lẹ́nu ihò, okùn wà lọ́wọ́ rẹ̀. Orin náà ń lọ sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó kígbe wọnú ihò: “Gbé ohùn sókè! Mi ò gbọ́ ẹ mọ́!”

Ọládipúpọ̀ sì gbé ohùn sókè. Ó ń pariwo orin lọ́wọ́ nígbà tí òpó ta pọ́.

Orin dá. Ṣàngódèyí fa okùn. Okùn náà fúyẹ́.

Eruku ò tíì rọlẹ̀ tí Adéníran fi mú ìwé dé. Ohun tó wà nínú rẹ̀ ni pé orin ló pa Ọládipúpọ̀, òpó ò ṣe é ní nǹkan kan. Bí ẹ̀gbọ́n bá tẹ̀ka, wọn á wú òkú rẹ̀ jáde, wọn á sì fi òkúta ìmọ́lẹ̀ kan ṣe gbà-máà-bínú. Bí kò bá tẹ̀ka, kó máa lọ sílé.

Ó tẹ̀ka. Èwo ni ẹ̀yin ì bá ṣe?

A sin Ọládipúpọ̀ sẹ́yìnkùlé. Ní Ọ̀jọ́ Ìsàlẹ̀, wọ́n fi òfin de orin, wọ́n sì ń jẹ òpó lọ. Bí ẹnikẹ́ni bá ní èèwọ̀ ni, Adéníran á na ìwé sí i: “Ìka ẹ̀gbọ́n olóògbé fúnra rẹ̀ rèé.” Òkúta náà wà ní yàrá Ṣàngódèyí, ó fi ìkòkò dé e mọ́lẹ̀. Ṣé mo ti rí òkúta náà? Mo ti rí ìkòkò.

Lọ́jọ́ Àìkú tó kọjá, Ìrètí wá sí yàrá Ṣàngódèyí, ọmọ wà lẹ́yìn rẹ̀. Èmi náà wà níbẹ̀, mo ń jẹ obì.

“Bọ̀ọ̀dá, wọ́n ní orin ló pa ọkọ mi. Ẹ̀yin lẹ sì ní kó máa kọrin. Ṣé òótọ́ ni?”

Mo wúkọ́ kí Ṣàngódèyí lè rí ọ̀rọ̀ sọ. Ó wo ìkòkò, ó wo àtàǹpàkò rẹ̀. Ọkùnrin tó ti ń pariwo sínú kànga láti ogójì ọdún pé ẹni tó bá dákẹ́ ti kú, ó dákẹ́.

Ìrètí dúró títí ọmọ fi sùn lọ. Lẹ́yìn náà ó tún ọ̀já rẹ̀ dì, ó sì lọ.