Yàrà Ìlú Wa àti Ilé Olódi Abúlé Kan

Títí dòní, bí mo bá ti gbóòórùn ẹ̀wù òtútù tí yìnyín rin, yàrá ẹ̀kọ́ wa ní Ṣikágò ló ń wá sí mi lọ́kàn. Láàárín àwọn ọdún 1980 ni. Oak Park, lẹ́yìn odi ìlú náà, ni mo ti ń wọ ọkọ̀ ojú irin lọ. Purofẹ́sọ̀ wa pa iná, ó gbé àwòrán ilé olódi kan sára ògiri: ilé ìṣọ́ roboto, òkúta aláwọ̀ eérú, yàrà tó jìn, abúlé kékeré kan tó rọ̀gbà yí i ká bí òròmọdìẹ. Ó ti lé ní ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀rin ọdún, ó ní. Ọ̀rẹ́ mi, ara mi ò balẹ̀ mọ́. Ta ló gbẹ́ yàrà rẹ̀? Ta ló ru òkúta?

Ó ní kí a kọ àròkọ nípa odi kan. Mo kọ nípa yàrà tó yí ìlú wa ká. Ẹ̀rí mi ni oríkì tó ń kì wá ní ọmọ agbẹ́yàrà-kan-omi. Máàkì yẹn ló máa pinnu bóyá wọn á gbà mí fún Másítà. C ló fún mi. Ó fi gègé pupa kọ ọ́ pé, “Orin kì í ṣe ẹ̀rí.”

Àṣìṣe kìíní: oríkì kì í ṣe orin. Ìkejì: lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú ìwé mi, ó pe ìlú wa ní ẹ̀yà. Ìkẹta: kò kà á tán, ewé méjì tí tíì tí mo dà sí i lẹ̀ pọ̀ ṣì lẹ̀ mọ́ra.

Inú bí mi dé ilé ìkàwé. Mo wá ìwé tó fi kọ́ wa nípa ilé olódi náà. Nísàlẹ̀ ojú ìwé: “Gẹ́gẹ́ bí ìyá arúgbó kan ní abúlé náà ti sọ.” Mo gbé e tọ̀ ọ́ lọ.

“Purofẹ́sọ̀, ta ló sọ fún ìyá yìí?”

“Ìyẹn yàtọ̀.”

“Kí ló fi yàtọ̀?”

Ó wo aago ọwọ́ rẹ̀.

Mo gba ohùn mi sínú kásẹ́ẹ̀tì, mo fi ránṣẹ́ sí bàbá mi: kí wọ́n sọ ìtàn yàrà náà látòkèdélẹ̀. Lẹ́yìn oṣù méjì, ohùn wọn dé.

“Àbẹ̀kẹ́, ìyá àgbà ló mọ̀ ọ́n tán, a sì ti sin wọ́n léṣìí. Ọdún méjìdínlógún lẹ fi jọ sùn ní yàrá kan. Kí ló dé tí o ò bi wọ́n?”

C yẹn kò yí padà. Mo ṣì ń bínú sí ọkùnrin náà, mo sì lẹ́tọ̀ọ́. Ṣùgbọ́n àṣìṣe kẹrin wà, tèmi sì ni: abúlé tí n kò dé rí ni mo kọ́kọ́ béèrè ẹni tó gbẹ́ yàrà rẹ̀.